Orúkọ Mọ́kànlá ní Ìlà Àkọ́kọ́

Ó ti di ọdún mẹ́tàdínlọ́gbọ̀n tí Ìyá Fáìlì ti ń ṣe akọ̀wé ní itẹ́ òkú àwọn ológun. Kì í ṣe orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́ nìyẹn o. Àwọn tó ń gé koríko níbẹ̀ ló sọ ọ́ bẹ́ẹ̀, nítorí kò sí ìwé tí èèyàn lè bèèrè tí kò mọ kọ́bọ́ọ̀dù tó wà. Ọdún méjì péré ló kù kó fẹ̀yìn tì nígbà tí ọ̀gá pè é.

Ajagunfẹ̀yìntì ni ọ̀gá yìí, ọkùnrin tí ṣòkòtò rẹ̀ máa ń dúró gbọn-in bíi pákó. Ó ní, "Ìyá Fáìlì, itẹ́ òkú yìí máa pé àádọ́ta ọdún ní oṣù mẹ́ta sí i. Ẹ bá wa kọ ìtàn rẹ̀. Ojú ìwé mẹ́rin ti tó."

"Mo ti gbọ́, sà."

Iṣẹ́ náà kọ́kọ́ rọrùn. Ó kọ ọ́ pé oko àgbàdo ilé ìwòsàn ni ilẹ̀ náà tẹ́lẹ̀. Nígbà tí ogun dé etí odò, wọ́n gbé àwọn tó fara gbọgbẹ́ wá sí ilé ìwòsàn náà, mọ́kànlá nínú wọn sì kú láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Kò sí ọkọ̀ tó máa gbé wọn lọ sílé. Wọ́n bá gé àgbàdo ibẹ̀ kúrò, wọ́n sin wọ́n sí ìlà kan ṣoṣo láàárín ògiri àti géètì, wọ́n fi bíríkì yí sàréè kọ̀ọ̀kan ká, wọ́n sì ri pákó tí wọ́n kọ orúkọ sí mọ́ orí rẹ̀.

Ikán jẹ pákó. Ìjì ṣí òrùlé ọ́fíìsì ilé ìwòsàn, òjò ba rẹ́jísítà jẹ́. Lẹ́yìn ọdún méje, nígbà tí ìjọba sọ ibẹ̀ di itẹ́ òkú fún gbogbo orílẹ̀-èdè, tí òkúta funfun dé, kò sẹ́ni tó lè sọ ẹni tó wà níbi kọ̀ọ̀kan mọ́. Ọ̀rọ̀ kan náà ni wọ́n fín sára òkúta mọ́kànlá: Ọmọ Ogun Kan.

Ó ku gbólóhùn kan kí ojú ìwé àkọ́kọ́ parí: a kò mọ orúkọ wọn. Kó tó kọ ọ́, Ìyá Fáìlì jáde lọ ka àwọn òkúta náà kó má baà ṣi iye wọn kọ. Ibẹ̀ ló ti bá ìyá aránṣọ kan tó máa ń rí lókèèrè lọ́dọọdún, tí kò sì bi ní nǹkan kan rí. Ìyá náà á dúró níwájú òkúta kan, á sọ̀rọ̀ díẹ̀, á wá bọ́ sí èyí tó tẹ̀ lé e.

"Ẹ kú ìrìn, mà. Èwo ni tiyín nínú wọn?"

"Mi ò mọ̀, àbúrò mi. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin wà nínú wọn, bí lẹ́tà tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí wa ṣe sọ nìyẹn. Gbogbo wọn ni mo ń kí kí n má baà fo tèmi." Ó fọwọ́ pa orúnkún rẹ̀. "Ṣùgbọ́n ara ti ń dàgbà. Mọ́kànlá ti fẹ́ pọ̀ jù fún mi."

Ìyá Fáìlì padà sí ọ́fíìsì. Ó kọ "a kò mọ", ọwọ́ rẹ̀ sì kọ̀ láti kọ ìyókù. Ta ni wọ́n ti bi léèrè tó ní òun ò mọ̀? Kò rántí ẹnì kankan.

Lọ́jọ́ kejì, ó lọ sí ilé ìwòsàn. Ẹni tó ń tọ́jú ẹrù níbẹ̀ sọ fún un pé rẹ́jísítà ti lọ, ó ti bá òjò lọ, àmọ́ káfíńtà tó kan pósí wọn ṣì wà láyé, ó ń gbé lọ́dọ̀ ọmọ rẹ̀ obìnrin lẹ́yìn ibi tí wọ́n ti ń ta pákó. Ìyá Fáìlì ránṣẹ́ pe ìyá aránṣọ, àwọn méjèèjì sì jọ lọ síbẹ̀.

Bàbá náà ti lé lọ́gọ́rin ọdún. Etí rẹ̀ ti ń di, àmọ́ ẹnu rẹ̀ ò di rárá. Ó wo obìnrin méjèèjì láti òkè délẹ̀. "Ta ni mo fẹ́ kan pósí fún nínú ẹ̀yin méjèèjì?"

"Kò tíì kàn wá, bàbá," ni Ìyá Fáìlì dáhùn. "Ti àtijọ́ la wá bèèrè."

Nígbà tó gbọ́ ohun tí wọ́n bá wá, ó ní kí ọmọ òun gbé àpótí irinṣẹ́ wá. Ìwé kan wà lábẹ́ àwọn ayùn. Gbogbo ohun tí bàbá ti kàn láyé rẹ̀ ló wà níbẹ̀, àga, fèrèsé, bẹ́ẹ̀dì, pẹ̀lú gígùn wọn. Láàárín ìwé náà ni pósí mọ́kànlá tò tẹ̀léra, orúkọ sì wà níwájú ọ̀kọ̀ọ̀kan.

"Káàdì tí wọ́n so mọ́ ẹsẹ̀ wọn ni mo fi ń kọ ọ́," ni bàbá wí. "Wọ́n ní kí n má yọ ara mi lẹ́nu, pé òkú ò ní bú mi tí pósí ò bá bá a mu. Mo ní mi ò lè gbé aṣọ onítọ̀hún wọ ẹlòmíràn."

Ìyá aránṣọ pe orúkọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀. Ọmọ káfíńtà fìka tọ ìwé náà, ó dúró. Òun ni ẹnì kejì. Ìyá náà ń fọwọ́ nu ojú ìwé tí kò ní eruku. Orúkọ mẹ́wàá ló hàn ketekete. Fáníṣì ti dà sórí ìkọkànlá, orúkọ rẹ̀ àkọ́kọ́ nìkan ló ṣe é kà.

"Bí ẹ ṣe kọ wọ́n yìí, bàbá, ṣé bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe sin wọ́n?"

"Bẹ́ẹ̀ ni. Bí mo bá ti kan ọ̀kan tán ni wọ́n ń gbé e lọ."

"Ṣé ibi ògiri ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀ ni, àbí ibi géètì?"

"Ìyẹn ni mi ò mọ̀. Iṣẹ́ ò jẹ́ kí n débẹ̀."

Ọkàn Ìyá Fáìlì rẹ̀wẹ̀sì. Ẹnì kejì láti ibi ògiri kọ́ ni ẹnì kejì láti ibi géètì. Ó tún ìwé náà wò, ojú rẹ̀ sì bá òǹkà kan. "Ẹnì kẹrin yìí ńkọ́? Tirẹ̀ gùn ju ti gbogbo wọn lọ."

Bàbá rẹ́rìn-ín. "Agùntáṣọọ́lò. Orúkọ tí mo fún un nìyẹn. Pákó tí wọ́n fún mi ò tó o. Ilẹ̀kùn ṣọ́ọ̀bù mi ni mo tú tí mo fi kún un, oṣù méjì gbáko ni mo fi aṣọ ta ẹnu ọ̀nà."

Ìyá Fáìlì ti dìde. Bí pósí bá gùn, bíríkì tó yí i ká náà á gùn.

Ọ̀sán ọjọ́ náà ló mú tẹ́ẹ̀pù lọ sí ìlà àkọ́kọ́. Ẹ̀kẹrin láti ibi géètì ò gùn ju àwọn tó yí i ká lọ. Ẹ̀kẹrin láti ibi ògiri fi ẹsẹ̀ bàtà kan ju gbogbo wọn lọ. Ó tún un wọ̀n lẹ́ẹ̀mẹta. Ibi ògiri ni wọ́n ti bẹ̀rẹ̀.

Ọ̀gá ò fẹ́ gbọ́. "Àlejò ń bọ̀, mà. A ti kun ògiri tán. Ṣé òkúta lẹ wá fẹ́ ká máa hú?"

"Ìtàn lẹ ní kí n kọ, sà. Mi ò lè kọ ọ́ pé a kò mọ̀ wọ́n. A ti mọ̀ wọ́n."

"Ìwé káfíńtà lẹ fẹ́ fi lé iléeṣẹ́ ológun lọ́wọ́?"

"Nínú gbogbo àwọn tó kọ orúkọ wọn sílẹ̀, ti káfíńtà nìkan ni ò sọnù." Ó gbé tẹ́ẹ̀pù lé orí tábìlì. "Ẹ wá wọ̀n ọ́n fúnra yín."

Ọ̀gá mú tẹ́ẹ̀pù náà, ó jáde lọ sí ìlà àkọ́kọ́. Ó kúnlẹ̀ sẹ́bàá bíríkì tòun ti ṣòkòtò gbọn-in yẹn, ó wọ̀n ọ́n, ó tún un wọ̀n. Nígbà tó dìde, yẹ̀pẹ̀ wà lórúnkún rẹ̀, kò sì gbọ̀n ọ́n. Ó bọ́ síwájú òkúta kẹta. "Ta nìyí?"

Ìyá Fáìlì ka orúkọ náà. Ọ̀gá fẹsẹ̀ pọ̀, ó dúró bí ọmọ ogun ṣe ń dúró tí wọ́n bá ń pe orúkọ. Lọ́jọ́ yẹn gan-an ló fọwọ́ sí lẹ́tà tí wọ́n máa fi tọrọ òkúta tuntun.

Ṣùgbọ́n olú iléeṣẹ́ ológun ló ní àṣẹ. Nígbà tí Ìyá Fáìlì gbé lẹ́tà náà débẹ̀ lọ́jọ́ Ajé kan, wọ́n ní, "Ẹ fi í sílẹ̀, mà, a óò pè yín." Ìyá Fáìlì mọ ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ sí lẹ́tà tí wọ́n bá fi sílẹ̀. Òun náà ní kọ́bọ́ọ̀dù.

"Màá dúró," ló wí, ló bá jókòó títí wọ́n fi ṣíwọ́. Ó wá lọ́jọ́ Ajé tó tẹ̀ lé e, ó tún wá ní ìkẹta. Jíjókòó lásán sú u, ó bá ní kí wọ́n jẹ́ kí òun bá wọn to fáìlì, inú wọn sì dùn sí i. Ní ọjọ́ Ajé kẹrin, ó to fáìlì dé ìsàlẹ̀ pátápátá, ó bá lẹ́tà ara rẹ̀ níbẹ̀, ó sì fọwọ́ ara rẹ̀ gbé e wọlé tọ ẹni tó máa fọwọ́ sí i. Ọkùnrin náà kà á tán, ó ní, "Ta ló ń dá irú èyí dúró?" Ó fọwọ́ sí i.

Ọ̀sẹ̀ kan ṣáájú ayẹyẹ ni wọ́n gbé òkúta tuntun dúró. Orúkọ mẹ́wàá pé lórí tiwọn. Lórí ìkọkànlá, wọ́n fín orúkọ kan tó hàn, wọ́n sì fi àyè sílẹ̀ fún orúkọ bàbá rẹ̀. Ìyá aránṣọ gbé àpótí ìjókòó wá, ó jókòó ti òkúta kejì, ó ń fìka tọ lẹ́tà kọ̀ọ̀kan bí ẹni ń wo ojú rírán. Ó ròyìn ilé fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀: ẹni tó ti kú, ẹni tó bímọ, ilé tó ṣì dúró. Ó gba wákàtí méjì.

Ìtàn tí Ìyá Fáìlì gbé fún ọ̀gá jẹ́ ojú ìwé mẹ́sàn-án.

"Mẹ́rin ni mo wí, mà."

"Mẹ́rin ni ti àwọn tí a kò mọ̀, sà."

Ọ̀gá gbà á. Ìyá Fáìlì ò tíì kúrò níwájú rẹ̀. Ó ní òkúta méje wà ní ìlà kejì tí wọn ò ní orúkọ, òun sì fẹ́ ìwé àṣẹ láti tún lọ bèèrè nílé ìwòsàn.

"Ọdún méjì ló kù fún yín."

"Ó tó láti fi bẹ̀rẹ̀, sà."

Ọ̀gá fa bébà kan yọ, ó ṣí bírò rẹ̀.