Ẹ̀yìn Àwòrán Kọngílá

Wọ́n ba ojú àbúrò mi ọkùnrin jẹ́ nítorí pé àwòrán ẹnì kan tó ń du ipò ààrẹ hàn lẹ́yìn àwòrán ẹnì kejì.

Ilé ìtẹ̀wé la ti ń ṣiṣẹ́, èmi àti òun. Èmi ni mò ń gé bébà, òun ló ń wa ẹ̀rọ. Òun náà ló ń po yíǹkì. Kì í wọ̀n ọ́n, ojú lásán ló fi ń wò ó. Tó bá ní pupa yìí ti jù, ó ti jù náà nìyẹn. Ojú ló fi ń jẹun. Kò kọ́ iṣẹ́ mìíràn.

Ìdìbò ku oṣù díẹ̀, iṣẹ́ sì kún yàrá débi pé a ò rí ibi fẹsẹ̀ sí. Orúkọ àwọn méjì ni gbogbo ìlú ń pariwo. Ọ̀kan ni ẹni tó wà lórí àga, a máa ń pè é ní Àgbàlagbà. Ìkejì ni Kọngílá, agbaṣẹ́ṣe tó fi títì tí kò ṣe parí di olówó. Ọ̀gá wa gba iṣẹ́ àwọn méjèèjì. Àwọn ti Àgbàlagbà ń gba iwájú wọlé, àwọn ti Kọngílá ń gba ẹ̀yìnkùlé, ọ̀gá sì ń sáré láàárín wọn bí ọkọ tó ní ìyàwó méjì tí ọ̀kan ò tíì gbọ́ nípa ìkejì.

“Tíṣà ńkọ́, ọ̀gá?” àbúrò mi bi í lọ́jọ́ kan. Tíṣà ni ẹnì kẹta tó ń du ipò náà. Òun ni àbúrò mi fẹ́ dìbò fún.

“Tíṣà wo? Ó ti gbé iṣẹ́ wá bá ọ rí? Ẹni tí ò tẹ àwòrán, kò du nǹkan kan.”

“Ọ̀rọ̀ rẹ̀ dáa.”

“Ọ̀rọ̀ dídùn kì í lẹ̀ mọ́ ògiri.”

Mo rẹ́rìn-ín. Èmi ò gbà pé Tíṣà sàn ju àwọn yòókù lọ. Ẹni tó bá mọ ọ̀rọ̀ sọ tó bẹ́ẹ̀, ṣe ni mo máa ń di àpò mi mú. Mo sọ bẹ́ẹ̀ fún àbúrò mi. Ó ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ̀yin kì í gba ẹnikẹ́ni gbọ́.” Mo ní àìgbàgbọ́ ò tíì pa mí.

Lọ́jọ́ tí wàhálà yìí bẹ̀rẹ̀, òjò ń rọ̀, yíǹkì ò gbẹ. A ti tẹ́ àwòrán Àgbàlagbà káàkiri, lórí tábìlì, lórí àga, nílẹ̀ títí dé ẹnu ilé ìgbẹ́. Ti Kọngílá ti gbẹ ní tirẹ̀, a ti kó o jọ sí igun yàrá. Àfi bí a ṣe gbọ́ ohùn àwọn ọmọ ẹ̀yìn Kọngílá ní ẹ̀yìnkùlé. Wọn ò sọ pé àwọn ń bọ̀.

Ojú ọ̀gá yí padà. “Ẹ fi ti Kọngílá bo gbogbo rẹ̀. Bébà kan lórí bébà kan. Kíá.”

“Yíǹkì ò tíì gbẹ, ọ̀gá. Á ràn mọ́ ẹ̀yìn tòkè.”

“Ta ló ń wo ẹ̀yìn àwòrán? Ògiri ló ni ẹ̀yìn. Bò ó, jọ̀ọ́.”

A bò ó. Àwọn ọmọkùnrin náà dúró lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n rí ojú ọ̀gá wọn nílẹ̀ lọ bí ilẹ̀ bí ẹní, inú wọn dùn. Olórí wọn, tí wọ́n ń pè ní Símẹ́ńtì, ní, “Bàbá, ẹ mà fẹ́ràn wa o.”

“Ìfẹ́ yín ló ń pa mí,” ni ọ̀gá wí. Ó ní ó ku kó gbẹ, òun á fi ránṣẹ́ tó bá di ìrọ̀lẹ́.

Nígbà tí wọ́n lọ, a ṣí bébà sókè. Àgbàlagbà ti wà lẹ́yìn Kọngílá, ó kọjú sí òdìkejì, ó ń rẹ́rìn-ín. Àbúrò mi ní ká tún un tẹ̀. Ọ̀gá ní bébà ti tán, ká dì í. A dì í.

Ohun tí ọ̀gá gbàgbé ni pé ẹni tó ń fi gọ́ọ̀mù pa àwòrán, ẹ̀yìn ló kọ́kọ́ ń wò. Símẹ́ńtì àtàwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ló ń lẹ àwòrán káàkiri ìlú. Wọ́n dojú bébà délẹ̀ kí wọ́n lè fi gọ́ọ̀mù pa á, wọ́n bá ọ̀tá wọn níbẹ̀. Ká ní ẹyọ kan ni, wọn ì bá pè é ní àṣìṣe. Ó kún inú ìdì.

Wọ́n padà wá láàárọ̀ ọjọ́ kejì. Iwájú ni wọ́n gbà wọlé.

“Ta ló gbé ọ̀tá sẹ́yìn ọ̀gá wa?” Símẹ́ńtì béèrè. Kò pariwo. “Ṣé èpè ni àbí yẹ̀yẹ́?”

“Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jókòó ná,” ni ọ̀gá wí.

“Ìjókòó kọ́ la bá wá. Ta ló tẹ̀ ẹ́?”

Mo wo ọ̀gá. Ó lè ní òun ni. Ó lè ní òjò ni. Ó nàka sí àbúrò mi. “Òun ló ń wa ẹ̀rọ.”

Kò purọ́.

“Ẹ má bínú,” àbúrò mi wí. “Yíǹkì tútù ló ràn mọ́ ọn. Kò sẹ́ni tó fi yín ṣe yẹ̀yẹ́.”

“O mọ̀ pé ó tutù, o sì kó o fún wa?”

Kẹ́míkà kan wà nínú agolo lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀rọ, èyí tí a fi ń fọ yíǹkì tó ti gan. A kì í fi ọwọ́ lásán kàn án. Símẹ́ńtì gbé e, ó dà á sí àbúrò mi lójú. Bóyá ó rò pé omi lásán ni. Mi ò bi í. Àbúrò mi ké, mo ń da omi sí i lójú, ọ̀gá sì ń bẹ àwọn yẹn pé kí wọ́n má fọwọ́ kan ẹ̀rọ.

Mo lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá. Wọ́n ní ká jẹ́ kí ìdìbò kọjá ná.

Ní ilé ìwòsàn, tẹlifíṣàn wà lára ògiri yàrá tí wọ́n tẹ́ àbúrò mi sí. Wọ́n ti fi aṣọ di ojú rẹ̀ méjèèjì. Lọ́sàn-án ọjọ́ kan, àtẹ́wọ́ ń dún ṣáá.

“Ẹ̀gbọ́n mi, kí ni wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún?”

“Kọngílá àti Àgbàlagbà ti parí ìjà. Kọngílá ló máa ṣe igbákejì rẹ̀. Wọ́n di ọwọ́ ara wọn mú sókè.”

“Tíṣà ńkọ́?”

Mo fẹ́ parọ́ fún un, àmọ́ aládùúgbò wa lórí ibùsùn kejì ti ń dáhùn. “Tíṣà kẹ̀? Òun ló di gbohùngbohùn mú fún wọn yẹn. Ó ní ìṣọ̀kan ló kù.”

Àbúrò mi kọjú sí ògiri. Kò tún béèrè nǹkan kan nípa ìdìbò mọ́.

Símẹ́ńtì ló gbé iṣẹ́ tuntun wá sí ilé ìtẹ̀wé: Àgbàlagbà àti Kọngílá lórí bébà kan ṣoṣo, èjìká sí èjìká. “Ẹ kú iṣẹ́, àǹtí,” ló kí mi. “Ara bọ̀dá yẹn ńkọ́?” Ọ̀gá gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì ti gba ẹlòmíràn tó ń wa ẹ̀rọ. Èmi ni mo gé bébà rẹ̀. Ebi ò mọ ẹni tó ń bínú.

Ojú ọ̀tún àbúrò mi ti fọ́. Tòsì ń rí ìmọ́lẹ̀, ó ń rí òjìji ènìyàn, ṣùgbọ́n kò mọ pupa yàtọ̀ sí dúdú mọ́. Dókítà ní kò ní sàn ju bẹ́ẹ̀ lọ. Kò tíì pé ọmọ ọgbọ̀n ọdún.