Ìwọ́de Àyèká Nínú Sinimá

Nígbà kẹta tí ọkùnrin oníkámẹ́rà ní kí àwọn tó ń wọ́de padà sẹ́nu ọ̀nà ṣọ́ọ̀ṣì, kí wọ́n tún tò wá bí ẹni tí kò tíì rìn rárá, àtẹ́lẹsẹ̀ Salome ti bó. Òun ló gbé àsíá ìjọ Aládùúrà ìlú Àyèká. Ilẹ̀ gbóná bí ààrò, kò sì sí bàtà lẹ́sẹ̀ ẹnì kankan.

"Ẹ dákun, ẹ má wo ojú ẹ̀rọ yìí o," oníkámẹ́rà náà, tó ti Ìbàdàn wá, bẹ̀ wọ́n.

Wọ́n tún gbé orin. Salome lanu, orin ò wá. Ó ti rẹ̀ ẹ́ dénú egungun. Orúkọ àwọn ọmọ rẹ̀ ló jáde, Lérè àti Dora, tí èéyi pa tẹ̀léra. Ó ń pè wọ́n bó ti ń rìn, ó rò pé agogo ti bo ohùn òun.

Nítorí wọn ló ṣe di Aládùúrà. Jethro ọkọ rẹ̀ ò tẹ̀ lé e. Látìgbà tí wọ́n ti sin Dora, kò dárúkọ wọn, kò sunkún lójú ẹnikẹ́ni. Láàárọ̀ ọjọ́ ìwọ́de, gbogbo ohun tó sọ ni, "Mo ń lọ sóko."

Ó lé lọ́dún kan kí sinimá ọ̀hún tó dé. Wọ́n fi ẹní dí fèrèsé ilé ẹ̀kọ́ lọ́sàn-án, wọ́n ta aṣọ funfun mọ́ ògiri. Sinimá náà ò lóhùn. Salome rí ara rẹ̀, ẹnu rẹ̀ ń mì.

"Ẹ wo Salome, bó ṣe ń kọrin!" ni ẹnì kan wí.

Lẹ́yìn rẹ̀ nínú sinimá náà, létí ọ̀nà, ọkùnrin kan di àdá mú, ó fi ọwọ́ kejì bojú, èjìká rẹ̀ ń gbọ̀n. Jethro ni.

Nígbà tí Salome délé, ọkọ rẹ̀ ń bó ẹ̀gẹ́ lẹ́yìnkùlé. Ó jókòó tì í.

"Bàbá Lérè, ẹ ò tíì dóko lọ́jọ́ ìwọ́de yẹn. Mo rí yín nínú sinimá. Ẹ ń sunkún."

Ọ̀bẹ dúró.

"Mo ń kọjá lọ ni. Mo gbọ́ tí o ń pè wọ́n. Ó wá ń ṣe mí bí ẹni pé wọ́n máa dá ọ lóhùn."

Kò sí agbára ẹkún lára Salome mọ́. Ó mú ọ̀bẹ mìíràn, ó fa ẹ̀gẹ́ kan mọ́ra.

"Lérè ì bá ti ga tó báyìí," ó ní, ó gbọ́wọ́ sókè díẹ̀.

"Ì bá jù bẹ́ẹ̀ lọ," ni Jethro fèsì. "Ẹsẹ̀ bàbá mi ló gbé wáyé."

Wọ́n ń sọ̀rọ̀ àwọn ọmọ náà títí ẹ̀gẹ́ fi tán nílẹ̀.