Orin fún Obìnrin Tó Ń Lu Kápẹ́ẹ̀tì

“Orin yìí kún jù,” ni Oksana, olùdarí fíìmù, wí lórí fóònù. “Obìnrin yìí kò bẹ ẹnikẹ́ni, Usamah. Kí ló dé tí fayolíìnì rẹ ń sunkún fún un?”

Lójú kọ̀ǹpútà, opó kan dúró sínú yìnyín, ó ń fi igi lu kápẹ́ẹ̀tì tí òun àti ọkọ rẹ̀ jọ máa ń lù kí ogun tó pa ọkọ náà. Ìṣẹ́jú méjì péré ni ìran náà. Ẹ̀ẹ̀mẹrin ni Usamah ti ṣe orin sí i, ẹ̀ẹ̀mẹrin ni Oksana ti dá a padà.

“Bí aago mẹ́rin bá lù tí n kò rí nǹkan gidi, wọ́n á gbé e fún olórin mìíràn ní Kíífù.”

“Wàá rí i.”

Kharkiv ní Yukiréènì ni Usamah ti kàwé; ibẹ̀ ló ti ṣe orin sí fíìmù àkọ́kọ́, ti àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ẹgbẹ́ rẹ̀. Ogun lé e padà sí Abẹ́òkúta, ṣùgbọ́n fíìmù kéékèèké mẹ́ta tẹ̀ lé e wálé. Èyí ni fíìmù gígùn rẹ̀ àkọ́kọ́. Kò ní jẹ́ kó bọ́.

Ó ka bí obìnrin náà ṣe ń lù: ẹyọ kan, ìdákẹ́, ẹyọ kan. Ìdákẹ́ yẹn ló ti ń fi fayolíìnì dí láti àná. Kí ló wà níbẹ̀ gan-an?

Gbà! Ìró kan wọlé láti ẹ̀yìnkùlé. Ó dìde.

Ìyá rẹ̀, Bùsírátù, ń fi òòlù igi lu àdìrẹ tó ti rẹ sínú sítáàṣì, kí ó lè máa dán. Òun àti Àfúsá, tí wọ́n jọ ń ṣe àdìrẹ, ló máa ń kọjú síra wọn lù ú, bí ti ẹnìkan bá ṣe ń lọ sókè ni ti ẹnìkejì ń bọ̀. Ṣùgbọ́n Àfúsá ti lọ sí Odeda lọ́sẹ̀ tó kọjá, ọmọ rẹ̀ bímọ.

“Olórin Yukiréènì!” Àrìnpé, aláró tó ń bá wọn ṣiṣẹ́, ké láti ìdí ìkòkò aró rẹ̀. “Àwọn yẹn ò ní olórin tiwọn ni?”

“Wọ́n ní, ẹ̀gbọ́n. Èmi ni ọ̀kan nínú wọn.”

Àrìnpé bú sẹ́rìn-ín. Usamah ti yíjú sí ìyá rẹ̀. Gbà! Ìdákẹ́. Gbà!

“Màámi, ẹ̀yin nìkan lẹ wà ńbẹ̀. Kí ló dé tẹ́ ò lù ú léraléra kó tètè tán?”

Ìyá wo òòlù ọwọ́ rẹ̀ bí ẹni tí kò tíì rò ó rí.

“Ọwọ́ mi ò mọ̀ ọ́n lù bẹ́ẹ̀,” ó ní. “Àfúsá ló ni àárín yẹn.”

Usamah nawọ́ sí òòlù kejì láti ràn án lọ́wọ́. Ó tún fa ọwọ́ rẹ̀ padà. Àgbájọ ọwọ́ la fi ń sọ̀yà, ó mọ ìyẹn. Kò sẹ́ni tó sọ fún un rí ohun tí ọwọ́ kan ń ṣe bí èkejì kò bá sí.

“Ẹ jọ̀ọ́, Màámi, ẹ má tíì dúró!” Ó sáré lọ gbé ẹ̀rọ ìgbohùnsílẹ̀.

Nígbà tó gba ìró náà sílẹ̀ tán, ó padà sídìí kọ̀ǹpútà, ó pa gbogbo fayolíìnì rẹ́. Ó fi ìró òòlù kan ṣoṣo sílẹ̀, pẹ̀lú ohùn ìsàlẹ̀ kan tí ń gòkè bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀, tó sì ń dúró kí ó tó dé àárín. Aago mẹ́rin ku ìṣẹ́jú mẹ́ta, ó fi í ránṣẹ́, ó sì pe Oksana.

Oksana gbọ́ ọ dópin. Lẹ́yìn náà, mímí rẹ̀ nìkan ni Usamah ń gbọ́. Àlàyé ti dé ètè Usamah. Ó pa ẹnu dé, ó sì fi ìdákẹ́ náà sílẹ̀ fún un.