Ológbò Tí Àbúrò Fi Tọrẹ

Lọ́jọ́ tí Àbúrò rí ewúrẹ́ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà tó ti tà tí wọ́n wà nínú ilé ẹran ẹ̀gbọ́n rẹ̀, tí ikùn wọn rí rogodo, ó mọ̀ pé ọmọ ìyá òun ti rẹ́ òun jẹ.

Oṣù mẹ́rin ṣáájú ni oyún ewúrẹ́ mẹ́fà náà wálẹ̀ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì. Àwọn ni oko rẹ̀, àwọn ni ọjà rẹ̀. Ó ń sunkún lọ́wọ́ ni Ẹ̀gbọ́n wọlé, tó ní, "Ewúrẹ́ tí oyún bá ti wálẹ̀ lára rẹ̀, ó ti parí nìyẹn. Tà wọ́n fún mi lówó pọ́ọ́kú, mo mọ alápatà kan." Alápatà wo? Ọ̀bẹ kankan ò kan ọrùn wọn. Ẹ̀gbọ́n kó wọn sílé, ó wá òbúkọ sí wọn.

Ẹni tó ṣu ní í gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé. Àbúrò ò bá ẹnikẹ́ni jà. Ó kúnlẹ̀ kí ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó rẹ́rìn-ín, ó gba ilé lọ.

Ó mọ ohun tó ba oyún wọn jẹ́. Ó ti tà wọ́n tán kí dókítà ẹran tó mú èsì àyẹ̀wò dé, ìtìjú ò sì jẹ́ kó sọ pé òun ti tà wọ́n. "Kòkòrò àìsàn ni," dókítà wí. "Àwọn ọmọ ológbò yín tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ eku pípa ń yàgbẹ́ sínú èèrí, àwọn ewúrẹ́ sì ń jẹ ẹ́. Ẹ máa bo oúnjẹ wọn. Bí oyún bá sì wálẹ̀, ẹ wọ ìbọ̀wọ́ kẹ́ ẹ tó fọwọ́ kàn án, ẹ rì í mọ́lẹ̀, kí aláboyún má sún mọ́ ọn."

Ìyá ológbò ilé rẹ̀ tún bímọ ní kété tí dókítà lọ. Nígbà tí ọ̀kan nínú àwọn ọmọ náà bẹ̀rẹ̀ sí í pa eku, Àbúrò gbé e lọ sílé ẹ̀gbọ́n rẹ̀.

"Ẹ̀gbọ́n mi, mo gbọ́ pé eku ń dà yín láàmú."

"Ọmọ ìyá mi! Èmi tí mo rò pé o ń bínú sí mi."

"Kí ni mo fẹ́ bínú sí?"

Ọwọ́ ara rẹ̀ ló fi gbé ológbò náà sórí àpò èèrí. Ó fẹ́ kí ilé ẹran yẹn dákẹ́ bí tirẹ̀ ṣe dákẹ́. Ó fẹ́ kí Ẹ̀gbọ́n gbẹ́ kòtò mẹ́fà, kó sì sunkún nídìí kọ̀ọ̀kan. Ẹ̀san ò gbóògùn, ó ń wí fún ara rẹ̀.

Láràárọ̀ ló ń yà níbẹ̀ bí ẹni ń lọ kí aláìsàn. "Ṣé àlàáfíà ni àwọn ìyá ewúrẹ́ wà?" Bí wọ́n bá ní àlàáfíà ni, á máa ta gìrì bí ẹni jókòó lé ìjàlọ.

Oṣù kan kọjá, ìkejì parí. Ewúrẹ́ mẹ́fà bí ọmọ mọ́kànlá.

Ẹ̀gbọ́n ránṣẹ́ pè é. Ó bá dókítà ẹran níbẹ̀, tó ń yẹ àwọn ọmọ wò. Wọ́n ti so Onírùngbọ̀n, ewúrẹ́ tí Àbúrò fẹ́ràn jù nínú mẹ́fẹ̀ẹ̀fà, mọ́ ẹnu ọ̀nà, tòun ti abo ọmọ méjì.

"Tìrẹ nìyí," Ẹ̀gbọ́n wí. "Irọ́ ni mo pa fún ẹ nípa alápatà lọ́jọ́ tí mo rà wọ́n lọ́wọ́ ẹ, ó sì ti ń jẹ mí lọ́kàn. Mú un lọ pẹ̀lú àwọn ọmọ rẹ̀."

Omi lé ròrò sójú Àbúrò. Kò tíì dúpẹ́ tán tí dókítà fi rẹ́rìn-ín.

"Ẹ̀yin lẹ tà wọ́n? Áà, ẹ ò bá bi mí! Ewúrẹ́ tó bá ti ṣe àìsàn yẹn lẹ́ẹ̀kan kì í sábà ṣe é mọ́. Irú wọn là ń tọ́jú." Ojú rẹ̀ bọ́ sórí ológbò tó sùn lórí àpò èèrí. "Ta ló mú ológbò wá síbí?"

"Àbúrò mi ni," Ẹ̀gbọ́n fi tayọ̀tayọ̀ dáhùn. "Nígbà tí wọ́n ṣì wà nínú oyún ló mú un wá."

Dókítà yíjú sí Àbúrò. "Ẹ̀yin tí mo sọ fún pé ìgbẹ́ ológbò ló ba oyún wọn jẹ́?"

Ẹ̀gbọ́n wo ológbò, ó wo àwọn ọmọ ewúrẹ́, ó wá tẹjú mọ́ ọmọ ìyá rẹ̀ títí. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà, ó tú okùn Onírùngbọ̀n, ó sì da òun àtàwọn ọmọ rẹ̀ padà sínú ilé ẹran.