Ọjọ́ Tí Wàsílátù Wọ Ọkọ̀ ní Adágún Jabi

Ọdún kẹfà rèé tí Wàsílátù ti ń ya fíìmù l'Ábújá. Ọmọ Ìlọrin ni, Gwagwalada ni ìyá rẹ̀ ti ń ta aṣọ. Bó ṣe mọ kámẹ́rà lò, bẹ́ẹ̀ náà ni eré ṣíṣe wà lẹ́jẹ̀ rẹ̀, ṣùgbọ́n nígbàkigbà tó bá ní kí wọ́n dán òun wò, èsì kan náà ni Akínọlá, olùdarí wọn, máa ń fún un.

"Wàsílá, ẹni tó lé eku méjì á pòfo. Dúró ti kámẹ́rà rẹ."

Láàárọ̀ ọjọ́ tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ fíìmù tuntun ní adágún Jabi, opó kan ni wọ́n kọ́kọ́ fẹ́ yà, tó dá wa ọkọ̀ lọ sáàárín omi láti pe Àtàndá, ọkọ rẹ̀ tó bómi lọ. Bùkúnmi ni wọ́n mú ṣe opó. Bó ṣe fẹsẹ̀ kan tẹ ọkọ̀, ọkọ̀ mì, ló bá fò padà sórí ilẹ̀.

"Ẹ má bínú, ọ̀gá. Ẹ̀rù omi ń bà mí láti kékeré."

Wọ́n bẹ̀ ẹ́ títí, kò gbà. Ṣéhù tó ni ọkọ̀ sì ti ní ọkọ̀ náà kò lè gbà ju ẹnì kan pẹ̀lú kámẹ́rà lọ. Akínọlá káwọ́ lérí.

Wàsílátù so kámẹ́rà mọ́ iwájú ọkọ̀, ó kọjú rẹ̀ sí ibi tí awakọ̀ ń jókòó, ó wo ibi tí oòrùn ń ta sí lójú omi. Ó wá lọ bá Bùkúnmi.

"Àǹtí, ẹ yá mi ní ìborùn yín."

Bùkúnmi tú u, òun fúnra rẹ̀ ló sì bá a wé e.

"Kí lo fẹ́ ṣe?" Akínọlá bi í.

"Mo fẹ́ yà á, mo sì fẹ́ ṣe é, sà. Bí kò bá dáa, ẹ pa á rẹ́."

Odindi ọ̀sẹ̀ kan ló ti fi ń yá ọkọ̀ yẹn lọ́wọ́ Ṣéhù, tó ń dá wà á kiri, tó ń wá ibi tí wọ́n máa yà, nítorí náà àjẹ̀ kò ṣàjèjì sí i. Ó tan kámẹ́rà, ó wa ọkọ̀ títí oòrùn fi bọ́ sí i lẹ́rẹ̀kẹ́ òsì.

"Àtàndá! Oúnjẹ rẹ ti tutù o!"

Ó pè é lẹ́ẹ̀kejì, ohùn rẹ̀ já. Lẹ́ẹ̀kẹta, kò pè é mọ́. Ó kàn ń fọwọ́ pa omi bí ẹni ń pa ọmọ lórí.

"Kai!" ni Ṣéhù wí létí omi, ó nu ojú.

Akínọlá wo àwòrán náà lẹ́ẹ̀mejì kó tó lanu.

"Ìwọ lo ni opó yìí. Ọdún mẹ́fà ni mo ti fi ń fi ẹ́ ṣòfò."

Ipa àbúrò opó, tí kò ní í débi omi, ni wọ́n fún Bùkúnmi.

Lọ́jọ́ tí wọ́n kọ́kọ́ fi fíìmù náà han aráyé, ìyá Wàsílátù jókòó síwájú pátápátá. Nígbà tí eré parí, orúkọ ọmọ rẹ̀ jáde lára àwọn òṣèré. Ó tún jáde lábẹ́ olórí ayàwòrán. Gbogbo ilé dìde, àtẹ́wọ́ ń ró gbàgbàgbà. Ìyá di ọmọ rẹ̀ lápá mú.

"Wọ́n kọ orúkọ rẹ lẹ́ẹ̀mejì. Ṣé wọ́n ṣì í kọ ni?"

"Wọn ò ṣì í kọ, Màámi," ni Wàsílátù wí, ẹ̀rín gba ẹnu rẹ̀. "Èmi ni méjèèjì."