Ààwẹ̀ Àkànmú fún Ààrẹ Amẹ́ríkà

Ní ọjọ́ Sátidé, ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n oṣù Kẹwàá ọdún 2024, àbúrò mi kan ṣoṣo, Oyèbánjí, kú sí ilé rẹ̀ ní Goresbrook, nílùú ọba níbí. Ẹni ọdún mẹ́tàlélọ́gọ́ta ni. Ó ní ìtọ̀ ṣúgà, ó sì ń gbààwẹ̀ kí ẹnì kan lè di ààrẹ ní Amẹ́ríkà.

Àkànmú ni èmi ń pè é. Kò dé Amẹ́ríkà rí. Kọ́lẹ́ẹ̀jì kan ní Rush Green ni ó ti ń gbálẹ̀, bọ́ọ̀sì méjì ni ó ń wọ̀ débẹ̀. Kò mọ orúkọ kánsílọ̀ àdúgbò rẹ̀. Ṣùgbọ́n bí o bá jí i lójú oorun, yóò ka àwọn ààrẹ Amẹ́ríkà fún ọ láti orí Washington títí di òní, pẹ̀lú iṣẹ́ tí oníkálukú ṣe kí ó tó dé ipò àti irú ikú tí ó pa á. Kàlẹ́ńdà kan ni ó bà á jẹ́. Olùkọ́ wa kan ní Ìjẹ̀bú-Igbó ni ó fún un ní 1972, àwòrán gbogbo wọn wà lára rẹ̀. Bàbá wa ní kí ó fi bo ìwé ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀. Ó fi kọ́ ògiri.

Mo máa ń dá a lóhùn. Bí ó bá ní Jefferson kọ̀wé pé gbogbo ènìyàn dọ́gba, màá ní, "Ta ni ó ń dáná fún un nígbà tí ó ń kọ ọ́? Ṣé kì í ṣe ẹrú?" Bí ó bá ní aránṣọ ni Andrew Johnson kí ó tó di ààrẹ, màá ní, "Kí ó kúkú dúró ti abẹ́rẹ́ rẹ̀. À bá rí ṣòkòtò wọ̀." Ẹni tí ó fẹ́ràn jù ni Harrison, ẹni tí ó sọ̀rọ̀ fún bíi wákàtí méjì nínú òtútù ní ọjọ́ tí ó gorí oyè, láìwọ kóòtù, láìdé fìlà, tí ó sì kú ní oṣù kan lẹ́yìn náà. Ojú Àkànmú a máa rọ̀ bí ó bá ń sọ ọ́, bí ẹni pé mọ̀lẹ́bí wa ni.

"Ẹ̀gbọ́n, oṣù kan péré!"

"Agídí ni ó pa á. Kí ni ó kàn ọ́ níbẹ̀?"

Ní oṣù Kẹwàá yẹn, ìjọ Aládùúrà tí ó ń lọ ní Castle Green kéde ààwẹ̀ ọlọ́jọ́ mọ́kànlélógún nítorí ìbò Amẹ́ríkà. Wọ́n ní àwọn rí ìran. Àwọn tí kì í dìde lọ dìbò nítorí pàǹtí iwájú ilé wọn, àwọn ni wọ́n wọ sùtánà, tí wọ́n dojú bolẹ̀, tí wọ́n ń bá Ọlọ́run jìjàkadì lórí Pennsylvania. N kò ní dárúkọ ẹni tí wọ́n ń gbà á fún. Kò mọ̀ wọ́n.

Ní ọjọ́ kẹrin ikú rẹ̀, mo wọ bọ́ọ̀sì lọ sí Goresbrook. Wòlíì Ìtẹ́olúwakìṣí, olórí ìjọ náà, ń bọ̀ wá bá wa ṣètò ìsìnkú. Mo ti to ọ̀rọ̀ tí màá sọ fún un láti ilé. Mo fẹ́ kí ó gba ẹ̀bi náà lójú gbogbo wa, kí ẹnikẹ́ni má bàa béèrè nípa ìpè kan tí ó wọ fóònù mi ní òwúrọ̀ Sátidé náà.

Mo bá a ní pálọ̀, òun àti Moṣọpẹ́, opó Àkànmú. Ọ̀dọ́mọkùnrin ni Wòlíì, ọkọ̀ ẹrù ni ó ń wà láàárín ọ̀sẹ̀. Ó dìde fún mi.

"Ẹ kú ìrọ́jú, Bàbá. Ọmọ ogun Olúwa ni arákùnrin wa. Ojú ogun ni wọ́n..."

"Ogun wo? Ta ni ó gbógun wá sí Goresbrook? Ṣé àwọn ará Amẹ́ríkà tilẹ̀ mọ̀ pé ẹ ń bá wọn jà?"

"Ẹ má bínú, sà."

"Ẹni tí ó ní ìtọ̀ ṣúgà ni ẹ fi ebi pa. Ẹ yé pè é ní ọmọ ogun."

Ó wo ilẹ̀. "Bàbá, mo kà á síta lórí pẹpẹ. Mo ní kí aláboyún àti ẹni tí ó ń lo oògùn má gbà á. Mo tún pe Bọ̀dá Oyèbánjí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, mo ní kí wọ́n máa ka Sáàmù dípò rẹ̀. Wọ́n ní àwọn ti gbọ́."

"Irọ́ ni."

"Òótọ́ ni, Bàbá Wúrà," Moṣọpẹ́ wí. "Ojú mi ni ó ṣe. Òun ni kò gbà. Á sọ fún mi pé òun ti jẹun níbi iṣẹ́."

Ó na ọwọ́ sí orí tábìlì, ó mú fóònù ọkọ rẹ̀.

"Ó gún abẹ́rẹ́ rẹ̀ láàárọ̀ ọjọ́ yẹn, kò jẹun tẹ̀lé e, ni ṣúgà ara rẹ̀ bá wálẹ̀ jù. Èmi wà lẹ́nu iṣẹ́. Agogo mẹ́wàá kọjá ìṣẹ́jú márùn-ún ni ó pè yín. Kò pe ẹlòmíràn mọ́ lẹ́yìn yín. Kí ni ó sọ?"

Mo lè ní ó kí mi ni. Wòlíì ì bá gbà á gbọ́.

"Ó ní ọwọ́ òun ń gbọ̀n, òógùn sì bo òun. Ó ní ṣé kí òun jẹun."

"Kí ni ẹ sọ?"

"Mo ní kí ó lọ bi Harrison. Mo ní ẹni tí ó fẹ́ fi ebi pa ara rẹ̀ fún ààrẹ tí kò mọ̀ ọ́n, kí ó má fi fóònù dí mi lọ́wọ́."

"Kí ni ẹ ń ṣe lọ́wọ́?"

"Mò ń wo ìròyìn."

"Ìròyìn kí ni?"

"Ìbò Amẹ́ríkà."

Wòlíì ṣí ẹnu láti gbàdúrà. Mo ní kí ó pa á dé. Moṣọpẹ́ kò sunkún, kò sì bú mi.

"Kí ni òun wá sọ?"

"Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀. Ó ní, 'Ẹ ṣeun, Ẹ̀gbọ́n.'"

Moṣọpẹ́ wọ yàrá, ó mú ìwé àti báírò jáde, ó gbé wọn lé mi nítan.

"Ẹ̀yin ni ẹ máa kọ ohun tí ó fi sílẹ̀. Ẹ yẹ gbogbo ilé wò. Ẹ má fo ìkankan."

N kò fo ìkankan.

Sùtánà funfun mẹ́ta. Ọ̀kan ti ya lábíyá.

Bàtà iṣẹ́ kan, àti káàdì tí ó fi ń ṣílẹ̀kùn kọ́lẹ́ẹ̀jì.

Bíbélì kan, ìwé orin kan.

Kàlẹ́ńdà ọdún 1972, tí ó fi téèpù lẹ̀ lẹ́yìn.

Abẹ́rẹ́ ìtọ̀ ṣúgà, páálí kan àti àbọ̀, nínú fìríìjì.

Ìwé àkọsílẹ̀ mẹ́rin lórí àwọn ààrẹ. Lójú ewé Harrison ó kọ ọ́ pé: "Ó yẹ kí ẹnì kan ti sọ fún un pé kí ó wọ kóòtù."

Kóòtù dúdú kan. Èmi ni mo rà á fún un nígbà tí ó kọ́kọ́ dé ìlú yìí.

Fóònù kan.

Páálí bisikíìtì kan, lórí àga tí wọ́n ti bá fóònù náà. Ó ti ya ẹnu rẹ̀. Mo ka bisikíìtì inú rẹ̀, kò dín ẹyọ kan.