Ta Ló Di Apá Ẹ̀wù Bàbá Mú?

1.

…ni mo bá dì í mú. Ẹ kọ ìyẹn sílẹ̀, Ẹ̀gbọ́n Synnøve, ẹ̀yin lẹ mú bírò dání. Ọwọ́ mi méjèèjì ni mo fi di apá ẹ̀wù Bàbá mú, láti inú rélùwéè títí dórí ọkọ̀ omi. Bí mo ṣe dì í mú yẹn, tí ìjì bá fẹ́ gbé e, ìjì máa kọ́kọ́ bẹ̀ mí ná. Bàbá mi ga tó ẹsẹ̀ bàtà mẹ́sàn-án. Ẹ kọ ìyẹn náà. Èèyàn kì í ṣèèṣì sọ irú ẹ̀ nù.


2.

Èmi ni Gaute. Ní gbogbo etí omi wa yìí, kò sẹ́ni tí ò mọ̀ mí. Àwọn ẹja gan-an ń kí mi. Synnøve ni ọlọ́pàá abúlé wa. Òun náà mọ̀ mí, ìyẹn ló jẹ́ kó máa mí kanlẹ̀ tí mo bá ti lanu.

Èmi àti lẹ́tà ò rẹ́. Tí mo bá wò wọ́n, ṣe ni wọ́n ń fò bí eṣinṣin. Inú fóònù ni mo ń sọ gbogbo èyí sí. Èyí tó bá jẹ́ ìwé níbẹ̀, Màmá ló kà á fún mi.

Bàbá Anfinn ló bí Màmá. Iṣẹ́ rélùwéè ló fi gbogbo ìgbà ọ̀dọ́ ẹ̀ ṣe: ó ń rìn lójú irin, ó ń fi ṣọ́bìrì kó yìnyín kúrò lọ́nà. (Èmi máa ń sọ fáwọn àlejò pé eyín ló fi gbẹ́ ihò tí rélùwéè ń gbà la òkè kọjá.) Ní báyìí, ọkàn ẹ̀ máa ń jáde lọ ṣeré, kì í sì tètè wálé. Lọ́jọ́ Mọ́ńdè ni wọ́n fẹ́ mú un lọ sílé àwọn arúgbó.

Ni Màmá bá ní kó tún rí ojú irin ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan sí i. Ó ra tíkẹ́ẹ̀tì méjì.


3. Ohun tó wà lára tíkẹ́ẹ̀tì

RÉLÙWÉÈ SỌ̀ KALẸ̀ LÁTI ORÍ ÒKÈ.
ỌKỌ̀ OMI GBA ÀÁRÍN ÒKÈ MÉJÌ.
BỌ́Ọ̀SÌ GBÉ YÍN GÒKÈ PADÀ.
ỌJỌ́ KAN PÉRÉ.
KÒ SÍ AFINIMỌ̀NÀ. Ẹ̀YIN NI OLÓRÍ ARA YÍN.


4. Nínú ilé ìdáná, láàárọ̀

MÀMÁ: Gaute, wò mí lójú. Tó o bá fi í sílẹ̀ báyìí, ó lọ nìyẹn.
ÈMI: Màmá, èmi tí mo fọwọ́ lásán mú ẹja tó tó bọ́ọ̀sì?
MÀMÁ: Ẹja tó wà nínú ọ̀rá ṣọ́ọ̀bù.
BÀBÁ: Ta ló ń lọ síbo?
MÀMÁ: Ẹ̀yin àti Gaute ni, Bàbá. Ẹ fẹ́ lọ wo ojú irin yín.
BÀBÁ: Ṣé Borghild ń bọ̀?
(Màmá ń gé wàràkàṣì pupa sórí búrẹ́dì. Ó gé e títí ó fi nípọn ju búrẹ́dì lọ. Ó fi bébà wé e, ó fi sápò Bàbá.)
MÀMÁ: Apá ẹ̀wù wọn, Gaute. Apá ẹ̀wù wọn.


5.

Borghild ni ìyàwó Bàbá, màmá àgbà mi. Nígbà yìnyín tó kọjá ló kú.

Bàbá ò jẹun mọ́. Dókítà sọ̀rọ̀, pásítọ̀ sọ̀rọ̀, Màmá sunkún. Èmi ni mo wọlé tọ̀ ọ́. Mo ní: «Bàbá, ta ló sọ fún yín pé wọ́n kú? Ṣé ẹ ò mọ̀ pé iwin inú òkè lẹ fẹ́? Iwin aláṣọ pupa, onírù màlúù. Wọ́n padà sílé wọn ni. Wọ́n wà níbi ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀ omi ńlá tó ń já bọ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú irin yín. Ẹ jẹun, kẹ́ ẹ lè lágbára láti gun òkè lọ bá wọn.»

Ó rẹ́rìn-ín. Ó ní òun ti ń fura sí ìrù yẹn tipẹ́. Ó jẹun, ó tún bù sí i.

Irọ́ tó bọ́ èèyàn yó, ṣé irọ́ nìyẹn?


6. Ohùn ẹ̀rọ tó ti òkè àjà rélùwéè wá

«A máa dúró fún ìṣẹ́jú márùn-ún níbi ọ̀ṣọ̀ọ̀rọ̀. Ẹ lè sọ̀ kalẹ̀ ya fọ́tò. Tẹ́ ẹ bá ti gbọ́ fèrè, ẹ wọlé. Ọkọ̀ ò ní dúró de ẹnikẹ́ni.»


7.

Omi yẹn funfun, ó ń sáré bí ẹni tí wọ́n lé jáde nílé. Ariwo ẹ̀ lè jí òkú tó ti gbàgbé orúkọ ara ẹ̀.

Gbogbo wa bọ́ sílẹ̀. Orin kan bẹ̀rẹ̀ láàárín àpáta. Ni obìnrin aláṣọ pupa kan bá yọ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri ilé àtijọ́ kan tó ti wó. Ó ń jó, ó ń fọwọ́ pe èèyàn. Ó bọ́ sẹ́yìn ògiri. Kójú tó ṣẹ́, ó ti yọ lórí àpáta mìíràn lókè pátápátá. Àwọn àlejò pariwo.

Èmi mọ àṣírí ẹ̀. Méjì ni wọ́n. Ọmọbìnrin méjì tí wọ́n gbà síṣẹ́ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, aṣọ kan náà, irun àtọwọ́dá kan náà. Tí ọ̀kan bá fara pamọ́, èkejì á yọ. Ẹni tó wà nísàlẹ̀, Jorid ni. A jọ lọ sílé ìwé.

Mo ṣàlàyé ẹ̀ fún àwọn ọmọge Ítálì méjì kan. Mo ní èmi ni mo kọ́ àwọn méjèèjì níjó.

Mi ò ṣàlàyé ẹ̀ fún Bàbá.

Bàbá yọ fìlà. Ó tún un dé dáadáa, bí ọkùnrin tó fẹ́ wọlé àna.

Ó ní: «Wò ó. Borghild.»


8.

                    (fèrè)


9. Ibi tí mo jókòó sí lẹ́yìn fèrè

Bí mo ṣe sọ ọ́ fún ọlọ́pàá: ẹ̀gbẹ́ Bàbá, ọwọ́ mi lápá ẹ̀wù wọn.

Bí mo ṣe sọ ọ́ fún Màmá: ìjókòó tó kọjú sí ti Bàbá.

Bí mo ṣe sọ ọ́ fún ara mi: kọ́ọ̀ṣì kan náà, nítòsí ilẹ̀kùn.

Bó ṣe rí:




10.

Fìlà Bàbá: òwú aláwọ̀ eérú, bọ́ọ̀lù òwú pupa lórí ẹ̀.

Nígbà tá a sọ̀ kalẹ̀ nísàlẹ̀ òkè, mo rí i níwájú, láàárín àwọn tó ń tò wọ ọkọ̀ omi. Mo pariwo pé, «Bàbá, ẹ rọra o!» Kò wẹ̀yìn. Kò yà mí lẹ́nu. Etí Bàbá ti di. Báàgì àwọn ọmọge yẹn wà lọ́wọ́ mi, ó wúwo bí ẹni tó di òkú ìbátan sínú ẹ̀.

Omi yẹn dúdú. Òkè lọ́tùn-ún, òkè lósì, bí ìgbà tí èèyàn wà nísàlẹ̀ kànga. Mo sọ fáwọn ọmọge pé ìgbà tí mo wà lọ́mọ ọdún mẹ́fà ni mo lúwẹ̀ẹ́ dá a kọjá, pẹ̀lú ewúrẹ́ lẹ́yìn mi. Wọ́n ní kí ló dé tí ewúrẹ́ ò fi wọkọ̀.

Fìlà yẹn dúró níwájú ọkọ̀ nínú afẹ́fẹ́, kò kúrò níbẹ̀. Mò ń wò ó. Ẹni tó ń wo nǹkan, ṣé kò dì í mú ni?


11. Níbi tí bọ́ọ̀sì ń dúró sí

ÈMI: Bàbá, ó yá, ẹ jẹ́ ká wọlé.
FÌLÀ: Ṣé èmi lò ń bá wí, ọmọ mi?
(Ó yíjú. Irùngbọ̀n. Bàbá mi ò nírùngbọ̀n.)
ÈMI: Ẹ jọ̀ọ́, níbo lẹ ti rí fìlà yẹn?
FÌLÀ: Ìyàwó mi ló hun ún. Gbogbo ìyàwó ní Nọ́wè ló ń hun ún. Ṣé kò sí nǹkan?
ÈMI: Kò sí nǹkan.


12.

Synnøve ní: «Níbo lo ti rí wọn kẹ́yìn?»

Ẹnu mi máa ń dé ibi tá à ń lọ kí orí mi tó wọ bàtà. Ó ní: lórí ọkọ̀ omi, níwájú, nínú afẹ́fẹ́.

Ohun tí mo rí nìyẹn.


13. Ìwé tí wọ́n lẹ̀ mọ́ ògiri ṣọ́ọ̀bù

À Ń WÁ BÀBÁ ANFINN. ÀGBÀLAGBÀ TÓ TI LÉ LỌ́GỌ́RIN ỌDÚN. Ó KÚRÚ, Ó TẸ̀ DÍẸ̀. FÌLÀ ELÉÉRÚ, BỌ́Ọ̀LÙ PUPA. ORÍ ỌKỌ̀ OMI NI ỌMỌ ỌMỌ RẸ̀ TI RÍ I KẸ́YÌN. Ó ṢEÉ ṢE KÓ TI BỌ́ SÓMI.

Màmá ka gbólóhùn ìparí lẹ́ẹ̀mejì. Mi ò sọ pé kó tún un kà.


14. Ohùn Màmá, nínú fóònù mi

«Gaute, gbogbo ọkọ̀ abúlé ti bọ́ sórí omi. Àwọn tó ń lúwẹ̀ẹ́ dé ìsàlẹ̀ omi náà ti dé. Àwọn tó máa ń wá èèyàn lórí òkè pẹ̀lú ajá wọn kàn jókòó sétí omi, wọ́n ń mu kọfí. Wọ́n ní kí ni ajá fẹ́ ṣe nínú omi. Yìnyín ti bọ́ lókè, nínú ẹ̀ẹ̀rùn yìí náà. Mo ní ó dáa náà pé ìsàlẹ̀ ni Bàbá wà, òtútù òkè ì bá pa wọ́n. Wo ọ̀rọ̀ tó ń tẹnu mi jáde. Gaute, o dì wọ́n mú, àbí? Ṣé wọ́n fà yọ lọ́wọ́ rẹ ni? Pè mí.»


15. Jorid pè

JORID: Bàbá tí wọ́n ń wá yẹn, ṣé bọ́ọ̀lù pupa wà lórí fìlà wọn lóòótọ́?
ÈMI: Gbogbo fìlà ní Nọ́wè ló ní bọ́ọ̀lù pupa.
JORID: Gaute, fi yẹ̀yẹ́ sílẹ̀. Bàbá kan fo ọgbà kọjá lánàá, wọ́n gun àpáta wá bá mi. Wọ́n pè mí ní Borghild.
ÈMI: Kí lo sọ fún wọn?
JORID: Àwọn ọ̀gá wa ti kìlọ̀ fún wa pé iwin kì í sọ̀rọ̀. Mo kàn fọwọ́ júwe rélùwéè fún wọn. Wọ́n rò pé ijó ni. Nígbà tí àsìkò tó tí mo máa ń fara pamọ́, mo bọ́ sẹ́yìn ògiri. Ni èkejì mi bá yọ lókè. Wọ́n bá yíjú síbẹ̀. Wọ́n ń rẹ́rìn-ín. Wọ́n ń gùn lọ.
ÈMI: Ṣé èkejì rẹ rí wọn?
JORID: Bí fèrè bá ti dún, ó máa ń sáré wọ ilé onígi, òtútù pọ̀.
ÈMI: Kí ló dé tó ò pè wọ́n padà?
JORID: Ta ló ń bi àgbàlagbà níbí pé níbo ló ń lọ lórí òkè? Ìwọ máa bi í? Mo rò pé ẹni tó ni wọ́n ń bọ̀ lẹ́yìn. Nígbà tó dalẹ́, mo gbọ́ pé ìwọ lo mú wọn lọ́wọ́ dórí omi. Mo ní áà, ẹlòmíràn nìyẹn nígbà náà. Mo gbẹ́nu mi dákẹ́.
JORID: Gaute?
JORID: Orí omi lo sọ, àbí?


16.

Pákó kan tí wọ́n kọ̀wé sí wà lára gbogbo ilé àwọn tó ń gun òkè. Mi ò lè kà á, ṣùgbọ́n kò sọ́mọ tí wọn ò fi kọ́ lórin ní ìlú yìí:

TÈTÈ YÍ PADÀ.
KÒ SÍ ÌTÌJÚ NÍNÚ KÉÈYÀN YÍ PADÀ.

Èmi ò yí padà rí. Ìgbà tí mo ṣìnà lẹ́yìn ilé wa, ṣe ni mo rìn yí gbogbo ayé po kí n tó délé.


17.

Rélùwéè àárọ̀. Ohùn tó wà lókè sọ ohun tó máa ń sọ. Àwọn àlejò bọ́ sílẹ̀. Orin bẹ̀rẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí aláṣọ pupa. Àwọn àlejò ń ya fọ́tò omi nìkan.

Mo fo ọgbà. Ọgbà náà kúrú. Arúgbó lè fò ó.

Lẹ́yìn ògiri, lábẹ́ òkúta kan: bébà búrẹ́dì. Wọ́n ti ká a sí mẹ́rin, bí Bàbá ṣe máa ń ká a, kí wọ́n lè tún un lò lọ́la.

Ìdajì búrẹ́dì wà nínú ẹ̀. Wàràkàṣì ẹ̀ nípọn.

Ìdajì ti Borghild nìyẹn.

Lókè ògiri, ọ̀nà tẹ́ẹ́rẹ́ kan gòkè lọ. Yìnyín ti bò ó. Kò sí ẹsẹ̀ ẹnikẹ́ni lórí ẹ̀.


18.

SYNNØVE (nínú fóònù): Gaute. Àwọn tó wà nínú omi fẹ́ lọ síbi tó jìn jù. Ó léwu níbẹ̀, àwọn náà lọ́mọ nílé. Kí n tó ní kí wọ́n lọ, mò ń bi ọ́ lẹ́ẹ̀kan sí i. Ibo lo ti rí wọn kẹ́yìn?
SYNNØVE: Gaute, mi ò ní bínú.
ÈMI: Ẹ̀gbọ́n. Àwọn ajá yẹn, ṣé wọ́n ṣì wà létí omi?
SYNNØVE: Wọ́n ń di ẹrù wọn. Kí ló dé? Kí ló ń dún lọ́dọ̀ rẹ yẹn?
ÈMI: Fèrè.
SYNNØVE: Níbo lo wà?


19.

Rélùwéè lọ. Mi ò wọlé.


9.

Bó ṣe rí:

Bàbá mi ò ga, Ẹ̀gbọ́n. Wọ́n kúrú. Tí wọ́n bá dúró tì mí, èjìká mi ni wọ́n mọ. Ẹ kọ ìyẹn sílẹ̀ ná. Kọ́ọ̀ṣì kejì ni mo wà, lọ́dọ̀ àwọn ọmọge Ítálì yẹn. Mi ò wò ó bóyá Bàbá wọlé. Ọwọ́ mi